Tíṣà Tí Kò Lè Ṣèlérí

Àwọn kan ní ìfẹ́ kì í fi ìjà bẹ̀rẹ̀. Ẹni tó bá sọ bẹ́ẹ̀ kò mọ Elétí àti Tíṣà. Ọjọ́ tí àwọn méjèèjì kọ́kọ́ fojú kanra, ariwo ni wọ́n ń jà lé lórí, ariwo ọ̀hún gan-an kò sì sí níbì kankan.

Iṣẹ́ ọmọbìnrin tí wọ́n ń pè ní Elétí yìí ni láti máa to ohùn sínú sinimá. Bí òṣèré bá ń rìn lórí òkúta wẹ́wẹ́ nínú fíìmù, Elétí ló jókòó síbì kan tó ń fọwọ́ rún ìrẹsì nínú àwo kó lè dún bí ẹsẹ̀. Bí ilẹ̀kùn ilé ọlọ́lá kan bá ń dún wìì, ilẹ̀kùn kọ́bọ́ọ̀dù bàbá rẹ̀ ni. Etí rẹ̀ mú débi pé kò sẹ́ni tó tún ń pe orúkọ rẹ̀ gan-an mọ́ níbi iṣẹ́. Òṣèré lè sọ gbólóhùn kan lẹ́ẹ̀mẹ́wàá, Elétí á dijú, á gbọ́ gbogbo rẹ̀ tán, á tọ́ka sí ẹyọ kan tó ti inú wá, á ní kí wọ́n da mẹ́sàn-án yòókù nù. Kì í ṣì í.

Fíìmù tó wà nílẹ̀ lọ́dún náà dá lórí tọkọtaya kan tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́ nínú ọkọ̀ òfuurufú, lókè réré níbi tí gbogbo ayé ti kéré bí ọsàn. Ọkọ̀ náà á bú gbàmù, okùn tó so ọkọ mọ́ ọn á já, ọkùnrin náà á sì máa léfòó lọ díẹ̀díẹ̀ lójú ìyàwó rẹ̀. Olùdarí fíìmù ní òun ò fẹ́ kí ọmọ iléèwé kankan fi òun ṣe yẹ̀yẹ́, pé kí físíìsì inú rẹ̀ péye. Ló bá lọ mú ọkùnrin kan tó ń kọ́ àwọn ọmọ ní físíìsì wá, ọkùnrin gígùn, ọ̀rọ̀ kì í pọ̀ lẹ́nu rẹ̀, ẹfun ìkọ̀wé sì wà létí apá ṣẹ́ẹ̀tì rẹ̀ nígbà gbogbo. Tíṣà tẹ́tí sí bí Elétí ṣe fi ohùn tó dà bí àrá sí ibi tí ọkọ̀ ti bú, ó ní:

"Ẹ yọ ọ́ kúrò."

"Kí ni kí n yọ?"

"Ariwo yẹn. Kò sí afẹ́fẹ́ lókè níbẹ̀. Níbi tí kò bá sì sí afẹ́fẹ́, ohùn ò rí nǹkan kan gùn."

"Ọkọ̀ tó tó ilé alájà mẹ́rin bú, ẹ ní kò ní dún?"

"Kò ní dún pín-ín."

"Èèyàn á wẹ̀, á wọ bàtà, á kúrò nílé, á wá jókòó sínú òkùnkùn kó lè wá gbọ́ ìdákẹ́jẹ́? Ta ló máa ṣèyẹn?"

"Ẹni tó bá fẹ́ mọ bó ṣe rí."

"Wọn ò fẹ́ mọ bó ṣe rí," ni Elétí dá a lóhùn. "Bó ṣe ń dunni ni wọ́n fẹ́ mọ̀."

Odidi ọ̀sẹ̀ kan ni wọn ò fi bára wọn sọ ju "ẹ káàárọ̀" lọ. Lọ́jọ́ kẹjọ, Tíṣà wọ yàrá iṣẹ́ Elétí, yàrá kótópó tí wọ́n fi fóòmù bo ògiri rẹ̀. Kò kí i. Ó bọ́ aago ọwọ́ rẹ̀, ó gbé e sí ìkángun tábìlì gígùn tó wà níbẹ̀.

"Ṣé ẹ ń gbọ́ ọ?"

"Rárá."

"Ẹ fi etí lé pákó."

Elétí fi etí lé pákó. Aago náà ń dún kì, kì, kì, bíi pé inú orí rẹ̀ ni wọ́n gbé e sí.

"Kì í ṣe afẹ́fẹ́ nìkan ni ohùn ń gùn," ni Tíṣà wí. "Pákó lè gbé e, irin lè gbé e, gíláàsì náà lè gbé e. Mo ti ń rò ó látọ̀sẹ̀ tó kọjá. Bí rédíò wọn bá bàjẹ́, tí obìnrin yẹn fi àṣíborí rẹ̀ kan ti ọkọ rẹ̀, wọ́n á gbọ́ra. Bí àlàfo tó tó ìka kan péré bá wà láàárín wọn, ó parí nìyẹn. Wọ́n lè pariwo títí ọ̀nà ọ̀fun wọn á fi já."

Elétí gbé orí kúrò lórí pákó. "Ẹ tún un sọ."

"Bí wọ́n bá kanra, wọ́n á gbọ́ra. Bí wọn ò bá kanra, kò sí nǹkan kan."

"Ṣé ẹ mọ ohun tí ẹ sọ yìí?"

"Físíìsì ni."

"Físíìsì kọ́. Ọ̀rọ̀ ìfẹ́ ni."

Ó sáré lọ síbi tí wọ́n ń kó aṣọ eré sí, ó gbé àṣíborí méjì wá. Ó dé ọ̀kan, ó dé èkejì sí Tíṣà lórí, ó sì fi iwájú orí tirẹ̀ kan ti Tíṣà. Ojú wọn sún mọ́ra débi pé ó ń rí bí irun ìpéǹpéjú ọkùnrin náà ṣe ń gbọ̀n.

"Ṣé ẹ ń gbọ́ mi?" ni Elétí béèrè.

"Mò ń gbọ́ yín. Àmọ́ ẹ má gbàgbé pé afẹ́fẹ́ wà nínú yàrá yìí o. Àpẹẹrẹ lásán lèyí, kì í ṣe ẹ̀rí."

Elétí rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Obìnrin mélòó ló tíì rí ọkùnrin tó lè fi irú ọ̀rọ̀ báyẹn ba irú àsìkò báyẹn jẹ́? Ibẹ̀ náà ni ìfẹ́ ti mú un, ẹ má bi mí bó ṣe ṣẹlẹ̀.

Wọ́n yọ àrá kúrò. Ìjà kan ló ṣẹ́ kù. Elétí fẹ́ kó jẹ́ pé lẹ́yìn tí ọkọ bá ti lọ tán, tí ìyàwó dá wà lókè, kí a ṣì máa gbọ́ bí ọkọ rẹ̀ ṣe ń mí. Tíṣà ní kò ṣeé ṣe. Ọjọ́ mẹ́ta ni wọ́n fi fa ọ̀rọ̀ náà mọ́ra wọn lọ́wọ́. Lọ́jọ́ kẹrin, Tíṣà dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ní, "Ta ló ń gbọ́ èémí yẹn?"

"Ìyàwó rẹ̀."

"Etí ló fi ń gbọ́ ọ ni?"

"Kì í ṣe etí. Ìrántí ni."

Tíṣà rò ó. "Ohun tó bá wà nínú orí èèyàn, kò sí òfin físíìsì tó lòdì sí i. Ẹ fi í sí i."

Èémí Tíṣà fúnra rẹ̀ ni wọ́n gbà sílẹ̀ fún un. Ó mí sẹ́nu ẹ̀rọ fún bí ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, Elétí sì ń gbọ́ ọ nínú etí méjèèjì. Láti ọjọ́ náà, "ẹ" kúrò láàárín wọn.

Wọ́n jọ ń rìn lọ síbi tí Tíṣà ti ń wọkọ̀ lọ sílé. Wọ́n á jẹ́ kí ọkọ̀ mẹ́ta kọjá, mẹ́rin, kó tó wọ ọ̀kan. Ọ̀sán ọjọ́ kan ni Tíṣà sọ ohun tó wà nínú rẹ̀, bó sì ṣe sọ ọ́ nìyí: "Mi ò mọ bí wọ́n ṣe ń wọn ìfẹ́, nítorí náà mi ò ní parọ́ fún ọ. Àmọ́ nínú gbogbo èèyàn tí mo mọ̀ títí di òní, ìwọ ni mo máa ń fẹ́ rí." Ẹlòmíràn á ní ṣé ọ̀rọ̀ ìfẹ́ nìyẹn. Elétí ti gbọ́ "mo nífẹ̀ẹ́ rẹ" lẹ́nu òṣèré bí ìgbà ẹgbẹ̀rún, ó sì mọ iye tó jẹ́ òfìfo nínú rẹ̀. Ọkùnrin yìí nìkan ni kò pọn dandan kó tẹ́tí sí ìsàlẹ̀ ohùn rẹ̀. Ohun tó bá sọ náà ló wà níbẹ̀. Ara tu Elétí bíi ti ẹni tó sọ ẹrù kalẹ̀.

Àmọ́ bàbá wà nílé.

Káfíńtà ni bàbá Elétí, kó tó di pé ọwọ́ rẹ̀ ọ̀tún kọ̀ láti máa di òòlù mú. Ọmọbìnrin méjì ló bí, ìyá wọn sì ti kú tipẹ́. Èyí àgbà ti lọ sílé ọkọ rí. Ọkọ náà fi í sílẹ̀ pẹ̀lú ọmọ mẹ́ta láàárọ̀ ọjọ́ Ajé kan, ó ní òun ń lọ ra búrẹ́dì. Ọdún kẹfà rèé, búrẹ́dì ò tíì dé. Ẹ̀gbọ́n Elétí kó padà sí yàrá ẹ̀yìn nílé bàbá wọn, kì í sì í rẹ́rìn-ín mọ́. Ẹni tí ejò bá ti bù ṣán rí, bó bá rí ekòló, á sá. Láti ìgbà náà, ìbéèrè kan ṣoṣo ni bàbá fi di ojú ọ̀nà ilé rẹ̀. Elétí kìlọ̀ fún Tíṣà pé ìbéèrè kan ń bẹ o, àmọ́ ó rò pé ọ̀rọ̀ tó rọrùn ni, pé ta ni kò mọ ìdáhùn rẹ̀?

Ọjọ́ Sátidé ni Tíṣà wá. Ó ti fọ ẹfun kúrò lára ṣẹ́ẹ̀tì. Bàbá gbà á dáadáa, ó bi í nípa iṣẹ́ rẹ̀, ó bi í nípa àwọn òbí rẹ̀, Tíṣà tiẹ̀ bá a wo ìdí tí ẹsẹ̀ tábìlì kan fi ń mì. Inú Elétí ti ń dùn. Ìgbà náà ni bàbá gbé ojú sókè.

"Ṣé o ò ní fi ọmọ mi sílẹ̀ láéláé?"

Elétí ń wo Tíṣà, ó ń fi ojú bẹ̀ ẹ́.

"Bàbá, ohun tí kò tíì ṣẹlẹ̀, mi ò lè jẹ́rìí sí i. Ohun tí mo mọ̀ ni pé lónìí, kò sí lọ́kàn mi láti fi í sílẹ̀."

"Lónìí."

"Bẹ́ẹ̀ ni, sà. Lónìí."

"Ọ̀la ńkọ́?"

"Bí ọ̀la bá dé, ẹ tún lè bi mí, sà."

Nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀, ife bọ́ lọ́wọ́ ẹ̀gbọ́n Elétí. Bàbá dìde wẹ́rẹ́. "O ṣeun tó o wá kí wa. Ilẹ̀kùn nìyẹn. Ọwọ́ mi ni mo fi kàn án, ó máa ń tì fúnra rẹ̀."

Ìta ni ìjà ti bẹ́ láàárín wọn.

"Gbólóhùn kan péré!" ni Elétí ń sọ. "'Mi ò ní fi í sílẹ̀ láéláé.' Kí ló wúwo níbẹ̀?"

"Mi ò mọ̀ bóyá òótọ́ ni."

"Ta ló mọ̀? Kò sẹ́ni tó mọ̀! Gbogbo ayé ló ń sọ ọ́!"

"Ṣé o fẹ́ kí n parọ́ fún bàbá rẹ ni?"

"O gbà pé kí n fi èémí sínú fíìmù."

"Sinimá nìyẹn. Ẹni tó bá wọlé síbẹ̀ ti mọ̀ pé irọ́ lòun fẹ́ gbọ́. Bàbá rẹ ò mọ̀."

"Ó ń wu bàbá mi láti sùn fọkàn balẹ̀ ni. Ẹni tó bá fẹ́ mi á fún un."

Tíṣà wọ ọkọ̀ tó kọ́kọ́ dé.

Ó wá di iṣẹ́ Àǹtí. Àbúrò bàbá ni Àǹtí, télọ̀ ni, ẹnu rẹ̀ sì mú ju sísọ́ọ̀sì rẹ̀ lọ. Òun ló ń lọ tó ń bọ̀ láàárín wọn. Ó lọ bá bàbá, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, èyí tó sọ 'láéláé' dà? Ṣebí búrẹ́dì ló lọ rà." Bàbá ní kó fi òun sílẹ̀. Ó lọ bá Tíṣà nílé ẹ̀kọ́ lákòókò ìsinmi, ó bá a tó ń jẹun lábẹ́ igi.

"Ọkọ wa," ni Àǹtí wí, "òótọ́ dé ọjà, ó kù tà. Owó lówó ni wọ́n ń ra èké. Ṣé o ò gbọ́ ọ rí ni?"

"Mo gbọ́, mà."

"Ṣé ìwọ náà wá fẹ́ kù tà?"

"Mo lè sọ pé màá gbìyànjú, mà."

"Gbìyànjú kẹ̀! Ṣé ìdánwò lo fẹ́ ṣe ni?"

Ó mú "màá gbìyànjú" náà tọ bàbá lọ. Bàbá ní kẹ́ni tó fẹ́ gbìyànjú lọ gbìyànjú níbòmíràn.

Oṣù méje kọjá. Elétí àti Tíṣà ń ríra lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan, ọ̀rọ̀ kan náà ni wọ́n sì máa ń fi túká. Elétí ò sinmi. Ó bẹ̀bẹ̀, ó sunkún, ó pa fóònù rẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ méjì. Nígbà míì, bó bá dá jókòó, á bi ara rẹ̀ léèrè pé kí ni òun ń bá ọkùnrin yìí fà gan-an, ṣebí nítorí òótọ́ ẹnu rẹ̀ lòun fi fẹ́ ẹ? Á tún dá ara rẹ̀ lóhùn pé ẹ̀ẹ̀kan péré ni, pé ọjọ́ kan ò lè ba ayé èèyàn jẹ́. Láàárín ìgbà náà ni fíìmù jáde. Àwọn èèyàn kún ilé sinimá, wọ́n ń fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu ojú. Olùdarí ń rìn káàkiri bí àkùkọ tó rí àgbàdo, ó ń sọ pé, "Ẹ tẹ́ òótọ́ sílẹ̀, kí ẹ wá gbé irọ́ lé e, wọ́n á sunkún." Elétí gbọ́ ọ, ó sì tún gbé e lọ bá Tíṣà.

Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, Tíṣà ránṣẹ́ sí Àǹtí pé òun ti ṣe tán.

Ọ̀sán ọjọ́ Àìkú ni. Àǹtí ò lè wá, iṣẹ́ ìyàwó ọ̀ṣìngín kan wà lórí ẹ̀rọ rẹ̀, àmọ́ ó ní kí wọ́n pe òun tí ó bá ti bọ́ sí i. Bàbá jókòó síbi tó jókòó sí ní ìjọsí. Kò bi í nípa iṣẹ́, kò bi í nípa òbí.

"Ìbéèrè mi ò tíì yí padà."

"Mo mọ̀, sà." Tíṣà na ẹ̀yìn rẹ̀, ó wo bàbá lójú. "Bàbá, mi ò ní fi ọmọ yín sílẹ̀ láéláé. Títí ọjọ́ ikú mi."

Ohùn rẹ̀ ò gbọ̀n. Ó sinmi níbi tó yẹ kó sinmi, ó rẹ ohùn sílẹ̀ lórí "ikú". Bàbá fi ọwọ́ òsì gbá itan, ó ní, "Ọkùnrin nìyẹn!" ẹ̀rín sì sọ lẹ́nu rẹ̀, ẹ̀rín tí wọn ò gbọ́ nínú ilé náà láti ọdún mẹ́fà. Ẹ̀gbọ́n Elétí yọjú láti ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó rọra rẹ́rìn-ín músẹ́.

Elétí nìkan ni kò rẹ́rìn-ín. Ìgbà mélòó ló ti gbọ́ irú ohùn yẹn nínú yàrá iṣẹ́ rẹ̀? Kò sí nǹkan kan nínú rẹ̀. Ó dán, ó péye, ó sì ṣófo.

Ó sin ín jáde. Tíṣà ń yára rìn bí ọmọ tí wọ́n tú sílẹ̀ níléèwé.

"Ṣé mo sọ ọ́ dáadáa?" ló béèrè. "Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni mo fi kọ́ ọ. Bí àwọn ọmọ bá ti lọ tán, màá dúró síwájú kíláàsì, màá máa sọ ọ́ fún àga."

"O sọ ọ́ dáadáa."

"Lákọ̀ọ́kọ́ ó ń há mi lọ́fun. Nígbà tó yá, kò há mi mọ́." Ó di ọwọ́ rẹ̀ mú. "Mo nífẹ̀ẹ́ rẹ. Ìwọ ni ayé mi."

Elétí tẹ́tí. Kò sọ irú rẹ̀ fún un rí. Ó tẹ́tí sí òkè ohùn náà, ó tẹ́tí sí ìsàlẹ̀ rẹ̀, ó dijú láàárín ọ̀nà bó ṣe máa ń dijú fún òṣèré, kò sì mọ̀. Ó lè jẹ́ òótọ́. Ó lè jẹ́ pé àga ló ti kọ́kọ́ gbọ́ ọ. Ẹ̀rù bà á débi pé ó fa ọwọ́ rẹ̀ yọ.

"Kí ló dé?"

"Mi ò mọ èyí tó jẹ́ òótọ́ mọ́."

"Ìwọ lo ní kí n sọ ọ́!"

"Mo mọ̀."

"Oṣù méje lo fi bẹ̀ mí!"

"Mo mọ̀. Èmi ni mo kọ́ ọ. O ò ṣe nǹkan kan." Ó ti ń sunkún. "Àmọ́ bí mo bá fẹ́ ọ báyìí, títí ayé ni màá máa dijú tẹ́tí sí ọ bí o bá lanu. Mi ò lè gbé inú ilé bẹ́ẹ̀. Má wá mọ́, jọ̀ọ́."

Tíṣà yí padà, ó lọ. Kò dúró de ọkọ̀, ẹsẹ̀ ló fi rìn.

Nígbà tí Elétí wọlé, bàbá wà lórí fóònù pẹ̀lú Àǹtí, ó ń sọ ọjọ́ tí yóò dára. Elétí jókòó sílẹ̀ títí bàbá fi rẹ́rìn-ín tán, tó gbé fóònù sílẹ̀.

"Bàbá, mo ní kó máa lọ. Irọ́ ló pa fún yín."

Kò ya bàbá lẹ́nu. "Mo mọ̀ pé irọ́ ni."

"Ẹ mọ̀?"

"Èmi náà ṣáà sọ ọ́ fún bàbá ìyá rẹ. Ta ló lè mọ̀ bóyá òótọ́ ni? Ọkọ ẹ̀gbọ́n rẹ sọ ọ́, ó lọ. Ẹni tó sọ ọ́ lè lọ. Àmọ́ ẹni tó bá kọ̀ láti sọ ọ́, mo gbà pé ẹnu ilẹ̀kùn ni ojú rẹ̀ wà." Ó fọwọ́ òsì ra ọ̀tún. "Ọkùnrin yẹn ò parọ́ rí láyé rẹ̀, mo rí i lójú rẹ̀ nígbà àkọ́kọ́. Ó wá pa á lónìí nítorí rẹ. O lé irú ẹni bẹ́ẹ̀? Pè é. Pè é kíá."

Elétí wá nọ́ńbà Tíṣà, ó pè é. Ó dún, ó dún. Tíṣà gbé e. Ariwo mọ́tò wà lẹ́yìn rẹ̀.

"Mo ti ṣẹ̀ ọ́," ni Elétí wí. "Dárí jì mí. Bàbá ní kó o padà wá. Ṣé o ṣì fẹ́ mi?"

Mọ́tò kan kọjá, èkejì kọjá.

"Mo dúró níwájú àgbàlagbà, mo sọ ohun tí mi ò gbà gbọ́," ni Tíṣà wí. "Mi ò ṣe bẹ́ẹ̀ fún ẹnikẹ́ni rí. Bí mo ṣe ń rìn bọ̀ níhìn-ín, mò ń wo inú ara mi, mò ń wá ọ níbi tí o máa ń wà. Mi ò rí ọ níbẹ̀ mọ́. Má bínú. Mi ò fẹ́."

Elétí tẹ́tí títí Tíṣà fi pa fóònù.

"Ó ní kí ni?" ni bàbá béèrè.

"Ó ní òun ò fẹ́ mọ́."

"Inú ló ń bí i. Bínú bá ń bí èèyàn, kò sóhun tí kò ní sọ. Ó dá ọ lójú pé bó ṣe rí nìyẹn?"

"Ó dá mi lójú, Bàbá," ni Elétí dáhùn. "Ohun tó sọ náà ló wà níbẹ̀." Ó dìde, ó lọ fi kọ́kọ́rọ́ ti ilẹ̀kùn tí Tíṣà gbà jáde.